Ìgò Tí Ojú Àwòdì Tà Láàárọ̀ Yẹn

Nínú ìwé, irú ènìyàn méjì ni afọ́jú sábà máa ń jẹ́. Ó lè jẹ́ alágbe tí a ń káàánú, ó sì lè jẹ́ àgbà ọlọ́gbọ́n tí inú rẹ̀ mọ́lẹ̀ ju ti àwa tí a lójú lọ. Èmi náà ti ka irú ìwé bẹ́ẹ̀, mo sì ti sunkún lórí wọn. Ṣùgbọ́n èyí tí mo fẹ́ sọ ìtàn rẹ̀ fún ọ yìí kì í ṣe alágbe, kò sì gbọ́n. Òpùrọ́ ni. Ìwọ tí o mú ìwé pélébé yìí lọ́wọ́, jọ̀wọ́ kà á dé òpin, nítorí ó lè jẹ́ pé ìwọ gan-an ni mò ń bá wí.

Olóògùn ni ọkùnrin náà. Ó ní ṣọ́ọ̀bù kékeré kan lẹ́bàá títì, àwọn ènìyàn sì ń pè é ní Dókítà. Bí ìwé tí wọ́n kọ fún aláìsàn nílé ìwòsàn ṣe lè rí wúruwùru tó, yóò kà á láìdúró. Ìdí nìyẹn tí wọ́n tún fi sọ ọ́ ní Ojú Àwòdì. Ó fẹ́ràn orúkọ náà ju orúkọ tí bàbá rẹ̀ sọ ọ́ lọ.

Nígbà tí ojú yìí wá bẹ̀rẹ̀ sí í ṣú, kò sọ fún ẹnikẹ́ni. Ó kọ́kọ́ dà bí èéfín tí ó dúró sí ẹ̀gbẹ́ ohun gbogbo, èéfín náà sì ń rìn díẹ̀díẹ̀ bọ̀ wá sí àárín. Bí ó bá jí láàárọ̀, yóò kọ́kọ́ gbé ọwọ́ ara rẹ̀ síwájú láti mọ̀ bóyá òun ṣì ń rí i. Ẹ̀rù ń bà á gidigidi. Ṣùgbọ́n ta ni yóò ra oògùn lọ́wọ́ Ojú Àwòdì tí kò ríran? Ó gbé ẹ̀rù náà mì, ó sì ń ṣe bí ẹni tí ó ríran.

Ẹnikẹ́ni tí ó bá wọlé, yóò yọ̀ mọ́ ọn: “Ẹ̀yin rèé! Ó tó ọjọ́ mẹ́ta o! Gbogbo ilé ńkọ́?” Àlejò tí kò dé àdúgbò náà rí á ní dáadáa ni wọ́n wà, inú rẹ̀ á sì máa dùn pé olóògùn dá òun mọ̀. Ọwọ́ ni ó fi mọ ipò gbogbo nǹkan lórí pẹpẹ. Oògùn ikọ́ àti oògùn tí a fi ń fọ egbò, inú kẹ́ẹ̀gì ni ó ti ń rọ wọ́n sínú ìgò kékeré: ti ikọ́ lókè, ti egbò nísàlẹ̀. Tẹ́lẹ̀, ó máa ń lẹ bébà tí ó kọ orúkọ oògùn sí mọ́ wọn lára. Ó ti pẹ́ tí ó ti dá ìyẹn dúró, nítorí ìlà ìwé rẹ̀ kò tọ́ mọ́. Ó sọ fún ìyàwó rẹ̀ pé bébà ti wọ́n.

Ẹnì kan ṣoṣo ni kò rí tàn jẹ. Alátùnṣe kẹ̀kẹ́ kan wà ní òdìkejì títì, ọ̀rẹ́ rẹ̀ láti kékeré, tí ó ti fi ayé rẹ̀ fún Jésù. Ó ti rí bí Ojú Àwòdì ṣe ń fi ọwọ́ wá ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù ara rẹ̀.

“Ọ̀rẹ́ mi,” ó wí, “jẹ́ kí n mú ẹ lọ rí dókítà ojú. Kó o sì jẹ́ ká jọ gbàdúrà. Ẹni tó bá gbà pé òun ò ríran, Jésù ò lé e padà rí.”

“Ta ló sọ fún ẹ pé mi ò ríran?” ni èsì tí ó gbà. “Kẹ̀kẹ́ ni kó o máa tún ṣe. Ojú olójú ò jọ ojú ẹni. Ojú mi tó mi í lò.”

Láti ọjọ́ náà, kò sọdá sí ọ̀dọ̀ ọ̀rẹ́ rẹ̀ mọ́. Kíyè sí i, ìwọ tí ń kà á: ojú tí ó ṣú kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀. Ohun tí ó jẹ́ ẹ̀ṣẹ̀ ni ẹnu tí ó ní òun ríran.

Wọ́n ní bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò bá a. Ọjọ́ tí òtítọ́ dé, bíríkìlà kan ni ó kọ́kọ́ wọlé, ó ń tiro, ó sì ń rẹ́rìn-ín.

“Dókítà, irú oògùn egbò wo lẹ tà fún mi láàárọ̀ yìí? Kò ta mí rárá. Ó kàn ń lẹ̀ mọ́ mi lẹ́sẹ̀ ni, èèrà sì ti ń bá mi ṣọ̀rẹ́. Àbí ṣúgà lẹ fi pò ó?”

Olóògùn bá a rẹ́rìn-ín. Ó gba ìgò tí ó wà lọ́wọ́ bíríkìlà náà, ó ṣí i, ó gbé e sí imú. Ẹ̀rín kú mọ́ ọn lẹ́nu. Oògùn ikọ́ ni.

Ó na ọwọ́ sí pẹpẹ òkè, ó ṣí ìgò kan níbẹ̀. Òórùn oògùn egbò gbá a nímú. Ó pe ìyàwó rẹ̀ tí ó wà nínú yàrá ẹ̀yìn.

“Ìyá àwọn ọmọ! Ta ló fọwọ́ kan pẹpẹ yìí?”

“Èmi ni o. Mo nù ún lánàá, eruku ibẹ̀ ti fẹ́ẹ̀ tó gbin àgbàdo sí. Ṣé mi ò tò ó dáadáa ni?”

Olóògùn gbé ìgò náà sílẹ̀. Ó ti ta ìgò kan láti pẹpẹ òkè láàárọ̀ yẹn, fún ìyá kan tí ó mú ọmọ rẹ̀ tí ń wúkọ́ wá. Ẹnu òun fúnra rẹ̀ ni ó fi sọ fún un pé bí ọmọ bá ti jẹun ọ̀sán tán, kí ó fún un ní síbí méjì. Bí oògùn egbò yẹn bá wọ ọ̀fun ọmọdé, yóò bó o nínú, ó sì lè pa á. Oúnjẹ ọ̀sán sì ti ń sún mọ́.

Ta wá ni ìyá náà? Ó ti kí obìnrin náà tẹ̀rín-tẹ̀rín. Ó ti fọwọ́ pa ọmọ náà lórí, ó sì ti ní, “Ẹ wò ó bó ṣe jọ bàbá ẹ̀!” Kò mọ bàbá kankan. Òjìji ni ó bá sọ̀rọ̀. Wọ́n ní ojú ni ọ̀rọ̀ wà, ṣùgbọ́n òun kò rí ojú kankan láàárọ̀ yẹn.

Ó já sí títì láìwo ibì kankan, nítorí kò sí ohun tí yóò wò. Mọ́tò kan fọn fèrè, awakọ̀ rẹ̀ bú u. Ó ta gìrọ́gìrọ́ débi tí ó ti ń gbọ́ irin lórí irin, lọ́dọ̀ alátùnṣe kẹ̀kẹ́.

“Ọ̀rẹ́ mi,” ó ń mí hẹlẹ, “ìyá tó mú ọmọ wá sí ṣọ́ọ̀bù mi láàárọ̀ yìí, ta ni?”

“Èwo nínú wọn? Ìyá ọlọ́mọ bíi mẹ́ta ló wọlé. Ṣebí ìwọ lò ń kí wọn bí ẹni tó ń kí ẹbí ẹ. Kí ló wọ̀?”

“Mo ti gbàgbé.”

“Ó pọ́n ni àbí ó dúdú? Ọmọ yẹn ńkọ́, ọkùnrin ni àbí obìnrin?”

Irọ́ mìíràn ti wà lẹ́nu rẹ̀, ó ti fẹ́ ní èrò ni ó pọ̀. Ṣùgbọ́n irọ́ kan sí i, ọmọ ọlọ́mọ lè kú. Ó kúnlẹ̀ sáàárín táyà àti ìsó.

“Mi ò mọ̀. Mi ò rí wọn. Mi ò ríran mọ́, ó ti pẹ́. Oògùn egbò ni mo tà fún ọmọ tó ń wúkọ́.”

Ọ̀rẹ́ rẹ̀ kò fi í ṣẹ̀sín. “Èyí tó ń wúkọ́? Ìyàwó telọ tó ń gbé lẹ́yìn ilé ẹ̀kọ́ ni. Dìde, gun ẹ̀yìn kẹ̀kẹ́ mi.”

Lórí kẹ̀kẹ́ yẹn, kò sí ohun tí Ojú Àwòdì lè ṣe ju pé kí ó di ìbàdí ọ̀rẹ́ rẹ̀ mú. Kò mọ ibi tí wọ́n ń yà sí, kò rí kòtò kí wọ́n tó bọ́ sínú rẹ̀. Ẹ̀rù bà á bí kò ti bà á rí láyé. Ó wá rí i pé bí òun ṣe ń gbé ayé òun látọjọ́ yìí nìyẹn, àfi pé òun kò jẹ́ kí ẹlòmíràn di ọwọ́ kẹ̀kẹ́ mú.

“Jésù,” ó ké sókè, kò sì bìkítà ẹni tó ń gbọ́, “afọ́jú ni mí! Òpùrọ́ ni mí! Ṣàánú mi. Má jẹ́ kí ọmọ náà kú. Gba ayé mi yìí, èmi ò lè darí ẹ̀ mọ́.”

Wọ́n kan ilẹ̀kùn. Ìyá ọmọ ṣí i, síbí wà lọ́wọ́ rẹ̀.

“Ẹ ti fún un?” ni olóògùn kígbe.

“Mo fún un, ó tu gbogbo ẹ̀ sí mi láṣọ. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ fẹ́ dì í nímú kí n tún rọ òmíì fún un ni. Kí ló dé?”

Ó sọ fún un. Kò bo ìkankan. Obìnrin náà pariwo, ó gbá a létí, olóògùn kò sì rí ọwọ́ náà kí ó tó dé. Wọ́n sáré gbé ọmọ lọ sílé ìwòsàn. Nígbà tí dókítà jáde, ó ní ẹnu ọmọ bó díẹ̀, ṣùgbọ́n kò gbé e mì. Yóò yè. Ojú Àwòdì jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ níbẹ̀, ó sunkún bí ọmọdé.

Ìwọ yóò fẹ́ kí n sọ pé ojú rẹ̀ là. Nínú ìwé, ó máa ń là. Ṣùgbọ́n dókítà ojú sọ fún un pé èyí tí ó ti lọ ti lọ, ìwọ̀nba tí ó kù ni wọn yóò gbìyànjú láti dá dúró. Ó wá sọ gbólóhùn kan tí olóògùn kò gbàgbé títí di òní: “Ẹ̀ bá ti tètè wá.”

Ìyàwó rẹ̀ ni ó ń ta oògùn báyìí, gbogbo ìgò sì ní orúkọ lára. Òun ń jókòó lẹ́nu ọ̀nà. Bí o bá kí i, yóò na ọwọ́, yóò ní, “Ta nìyẹn o? Ẹ má bínú, mi ò ríran.” Ẹ̀rín ni ó fi ń sọ ọ́. Ohun tí ó bà á lẹ́rù jù láti sọ tẹ́lẹ̀ ti di ìkíni rẹ̀.

Ìwọ ńkọ́, olùkàwé mi? Ojú rẹ mọ́lẹ̀, o ń ka ìwé yìí geere. Ṣùgbọ́n o mọ ohun tí ò ń bò mọ́lẹ̀. O mọ ẹni tí ò ń rẹ́rìn-ín sí lójoojúmọ́ láìjẹ́ kí ó mọ̀ ọ́, ó lè jẹ́ aya rẹ, ó lè jẹ́ ọmọ rẹ. Ìgò wo ni o ti gbé lé wọn lọ́wọ́? Lọ́dọ̀ Jésù, kò sí èyí tí ó ti lọ tí kò ní ìwòsàn, bí o bá wá nígbà tí ó ń pè ọ́. Ẹ̀rù tí ó ń bà mí nítorí rẹ ni pé kí o má wá, kí o sì dé iwájú Rẹ̀ ní ọjọ́ ìkẹyìn kí o gbọ́ ọ pé, “Ìwọ ì bá ti tètè wá.”

Má ṣí ojú ewé mìíràn. Níbi tí o jókòó sí yẹn, sọ ọ́ fún Un nísinsin yìí: “Olúwa, mi ò ríran.”