Àbẹ́là Tó Jó Nadirah

Kí Ọláfúnkẹ́ tó dé ilé Nadirah ní Settimo Torinese, wọ́n ti gbé Nadirah lọ sí ospedale, ilé ìwòsàn. Iná ti jó ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì. Kọ́tìnnì ti jóná dókè. Àbẹ́là tó dá wàhálà sílẹ̀ ṣì wà lórí tábìlì, ó ti dúdú.

Ọláfúnkẹ́ kọ́kọ́ jókòó. Iṣẹ́ kẹ́míkà ló ń ṣe níléeṣẹ́ ọ̀dà. Ibẹ̀ ló ti ń bọ̀, ó sì ti rẹ̀ ẹ́ tẹnutẹnu.

Mùyìbátù, aládùúgbò tó ṣe àbẹ́là náà nílé rẹ̀, ń sunkún.

"Àǹtí, ẹ gbà mí. Ọkọ Nadirah ní òun á pe àwọn ọlọ́pàá carabinieri. Òróró olóòórùn tí mo máa ń lò náà ni, ọ̀dọ̀ Hezekiah tó ń tà á ní Milano ni mo ti rà á. Ó ní ti àbẹ́là ni, kì í tètè gbaná."

"O ò dà á jù?"

"Rárá o."

Ọláfúnkẹ́ pe Hezekiah.

"Àǹtí, ẹ má pè mí ní ọ̀daràn," ni ó wí. "Mo fi ìgò tuntun ránṣẹ́ sí i. Ẹ yẹ̀ ẹ́ wò."

Wọ́n lọ sílé Mùyìbátù. Kàmíìlù ọkọ rẹ̀, tó ti ibi iṣẹ́ òru dé, ṣílẹ̀kùn pẹ̀lú ojú pípọ́n. Àbẹ́là kún orí àga àti bẹ́ẹ̀dì.

Ọláfúnkẹ́ kán òróró inú ìgò tuntun sórí pépà, ó kán ti inú ìgò tí Mùyìbátù ń lò sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Òórùn kan náà ni. Ó dúró díẹ̀. Ti àkọ́kọ́ fi àbàwọ́n ọ̀rá sílẹ̀. Èkejì gbẹ láìku nǹkan kan.

"Hezekiah kọ́. Ọtí líle ló pọ̀ nínú èyí. Kì í bá ìda pọ̀. Á yọ sókè, iná á gbé e."

"Ọtí kẹ̀? Nílé yìí?" ni Mùyìbátù wí.

Ọláfúnkẹ́ wọ bagno, ilé ìwẹ̀ wọn, láti fọwọ́. Ó rí ìgò kékeré kan lójú fèrèsé, irú èyí tí wọ́n ń ki igi tẹ́ẹ́rẹ́ bọ̀ kí ilé lè máa ta sánsán. Ó gbé e jáde.

"Ta ló rà á?"

"Èmi ni," ni Kàmíìlù dáhùn.

"Ọtí ni wọ́n fi ń po èyí. Igi rẹ̀ ṣì tutù, ìgò sì ti ṣófo. Bó bá jẹ́ pé ó dá gbẹ ni, igi náà ìbá ti gbẹ. Kàmíìlù, ìwọ lo dà á sínú òróró ìyàwó rẹ."

Kàmíìlù jókòó sílẹ̀.

"Mo rò pé àbẹ́là náà á kàn bàjẹ́ ni, kó lè fi iṣẹ́ náà sílẹ̀. Àǹtí, bí mo bá tibi iṣẹ́ dé, n kì í rí ibi fẹ̀yìn lélẹ̀. Òórùn ń fọ́ mi lórí. Mo sọ títí, kò gbọ́. N ò mọ̀ pé yóò jó ènìyàn."

Ẹkún Mùyìbátù dá.

"Bàbá Yunus, ojú yín ni wọ́n ṣe ń pè mí ní apààyàn láti àárọ̀. Ẹ sì dákẹ́."

Ọláfúnkẹ́ kọjú sí Kàmíìlù.

"Wọ bàtà rẹ," ni Ọláfúnkẹ́ wí. "Ẹnu ara rẹ ni wàá fi sọ fún ọkọ Nadirah ní ospedale."

Nínú bọ́ọ̀sì, àga méjì péré ló ṣófo. Kàmíìlù jókòó, ó fi ọwọ́ pa èkejì mọ́ fún ìyàwó rẹ̀. Mùyìbátù dúró títí wọ́n fi dé ospedale.