Síkírínì Ọwọ́ Ọ̀tún

Imú ọkùnrin náà fẹ́rẹ̀ẹ́ kan síkírínì nígbà tí obìnrin náà kọ́kọ́ rí i. Ó tẹ̀ síwájú lórí àga bí ẹni tó fẹ́ sọ̀rọ̀ àṣírí létí kọ̀ǹpútà, ó ń wo jagunjagun kan nínú géèmù. Jagunjagun ọ̀hún sanra bí àgbá, ẹsẹ̀ rẹ̀ kúrú, orí rẹ̀ fẹ̀ lọ bí ọpọ́n. Obìnrin náà dúró lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù, ó gbá kọ̀ǹpútà bàbá rẹ̀ mọ́ àyà, ó ń wá ibi tí yóò sọ ọ́ kalẹ̀ sí.

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ ní sùúrù fún mi díẹ̀," ọkùnrin náà wí láìgbójú sókè. "Kò yẹ kí ọkùnrin yìí sanra tó báyìí."

"Bóyá ó ń jẹun dáadáa ni."

"Rárá o. Wọ́n nà án ni. Nígbà tí wọ́n ṣe géèmù yìí, síkírínì ṣì rí bí àpótí. Ẹni tó ni ín wá lọ ra síkírínì tuntun tó fẹ̀ gbọọrọ, ni kọ̀ǹpútà bá na gbogbo nǹkan kó lè kún un."

Ó tẹ ibì kan, ó tún tẹ ibòmíràn. Ẹ̀gbẹ́ méjèèjì síkírínì ṣú dúdú, jagunjagun náà sì di pẹ́lẹ́ńgẹ́ lẹ́ẹ̀kan náà, ó ga, ó rẹwà, ó na idà rẹ̀ sókè bí ẹni tó ń dúpẹ́. Obìnrin náà rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín náà ya òun fúnra rẹ̀ lẹ́nu, torí ó ti pẹ́ tí irú ẹ̀ ti jáde lẹ́nu rẹ̀ kẹ́yìn.

Àjíǹde ni gbogbo àdúgbò ń pe ọkùnrin náà. Kọ̀ǹpútà tí wọ́n bá ti sọ pé ó kú, ọ̀dọ̀ ẹ̀ ni wọ́n ń gbé e lọ. Obìnrin náà ní orúkọ tirẹ̀, Dókítà Ojú, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kì í ṣe dókítà kankan. Awò ojú ló ń ṣe ní ṣọ́ọ̀bù kékeré kan lójú pópó kejì. Ó ń yẹ ojú wò, ó ń gé jígí, ó ń tò ó sínú férémù, ọwọ́ rẹ̀ sì tútù lójú ènìyàn bí omi àárọ̀.

"Géèmù ni," obìnrin náà wí. "Tí bàbá mi bá ṣí i, ó ń gbọ́ orin, ó ń gbọ́ pẹ́pẹ́yẹ tó ń ké. Ṣùgbọ́n kò sí nǹkan kan lójú síkírínì. Ó ní òun ń gbọ́ ọ, òun ò rí i."

"Kí lẹ wá ṣe sí i?"

Ojú tì í díẹ̀. "Mo ṣe awò tuntun."

"Fún kọ̀ǹpútà?"

"Fún Bàbá. Nígbà tí ìyẹn ò ṣiṣẹ́, mo tún ṣe òmíràn tó lágbára jù ú lọ."

Àjíǹde fi ọwọ́ bo ẹnu, ṣùgbọ́n èjìká rẹ̀ ń gbọ̀n. "Ẹ má bínú. Kọ̀ǹpútà ń ṣàìsàn, ẹ ń fún bàbá lóògùn."

"Ẹ máa rín in lọ. Àgbàlagbà tó bá ní òun ò rí nǹkan, ojú ni màá kọ́kọ́ yẹ̀ wò."

"Ẹ̀yin fúnra yín ò wo síkírínì náà?"

Obìnrin náà sọ kọ̀ǹpútà náà kalẹ̀ sórí tábìlì. Kò lè sọ fún ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ̀ pé látìgbà tí ìyá òun ti kú, òun kì í dé ẹ̀gbẹ́ tábìlì tí kọ̀ǹpútà náà ń gbé lórí ẹ̀ nílé. Ìyá rẹ̀ ló ni géèmù náà. Nọ́ọ̀sì ni màmá, nígbà tó sì fẹ̀yìn tì, ó ní ọwọ́ òun ò lè ṣófo, ló bá bẹ̀rẹ̀ sí í ro oko inú kọ̀ǹpútà. Ẹ ò bá rí ilé náà nírọ̀lẹ́ ìgbà yẹn. Bàbá á máa wo bọ́ọ̀lù lápá òsì, Màmá á máa gbin àgbàdo lápá ọ̀tún, àwọn méjèèjì á sì máa jà lórí pé pẹ́pẹ́yẹ ń pariwo bo ẹni tó ń ṣàlàyé bọ́ọ̀lù. Ìjà tó dùn ni, ìjà tí ọmọ máa ń gbọ́ láti yàrá rẹ̀ tí oorun á fi gbé e lọ.

Àjíǹde so kọ̀ǹpútà náà mọ́ àwọn síkírínì méjì tó wà lórí tábìlì iṣẹ́ rẹ̀, ó sì ṣí géèmù. Oko náà yọ kedere: ọgbà onígi, àgbàdo, pẹ́pẹ́yẹ, àti obìnrin kékeré kan tó dé fìlà òòrùn aláwọ̀ yẹ́lò.

"Kò sí nǹkan tó ṣe é," ó wí.

Obìnrin náà ti kọjú sí ìgboro. Àjíǹde rí èyí. Ó kàn rọra pa síkírínì náà, ó bá a di ẹrù rẹ̀. Nígbà tó fẹ́ kọ rìsíìtì fún un, ó gbé bébà náà sún mọ́ ojú bí ẹni tó fẹ́ gbóòórùn rẹ̀.

"Ojú tiyín ńkọ́?" Dókítà Ojú bi í.

"Ojú mi dáa. Àwọn síkírínì ayé ìsinsìnyí ni ò mọ́lẹ̀ dáadáa."

"Ẹ wá sí ṣọ́ọ̀bù mi lọ́la."

Ó wá. Obìnrin náà fi í jókòó síwájú pátákó lẹ́tà, ó ní kó ka ìlà kẹta.

"Pátákó wà níbẹ̀?"

Bí wọ́n ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn, pẹ̀lú yẹ̀yẹ́ tí kò dun ẹnikẹ́ni. Nígbà tí awò rẹ̀ ṣetán, obìnrin náà fi ọwọ́ ara rẹ̀ gbé e wọ̀ ọ́. Àjíǹde wo ògiri, ó wo ewé tó wà lórí igi ìta, ẹnu yà á pé ewé máa ń dá dúró lọ́kọ̀ọ̀kan. Lẹ́yìn náà ó yíjú sí obìnrin náà, kò sì gbójú kúrò.

"Kí lẹ rí?"

"Ìwọ ni," ó dáhùn.

Òun kan náà tó ti ń pè é ní "ẹ̀yin" látọjọ́ tí wọ́n ti pàdé. Obìnrin náà gbọ́ ọ, kò sì bá a wí. Ó ń nu jígí kan tó ti mọ́ tẹ́lẹ̀.

Láti ọjọ́ náà, àdúgbò mọ̀ pé bí ṣọ́ọ̀bù awò bá wà ní títì, kí wọ́n wá oníṣọ́ọ̀bù náà lọ síbi tí wọ́n ti ń tún kọ̀ǹpútà ṣe. Á jókòó lórí àpótí, Àjíǹde á máa fi géèmù àwọn oníbàárà hàn án: èyí tí àwòrán rẹ̀ ń já sí méjì, èyí tí lẹ́tà rẹ̀ kéré bí èèrà, èyí tó ṣókùnkùn torí pé ẹni tó ni ín béèrè ju ohun tí síkírínì rẹ̀ lè gbé lọ. Ó ń pè é ní Ìmọ́lẹ̀ Ojú Mi. Obìnrin náà á ní òun ò mọ irú ẹni tí wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀, á sì tún sún àpótí rẹ̀ mọ́ tòsí.

Nígbà tí Àjíǹde bi í pé ṣé yóò fẹ́ òun, omi lé sí i lójú. "Mo fẹ́ ọ. Ṣùgbọ́n bàbá mi ò lè dá wà. Á jókòó síwájú nǹkan tí kò rí, á máa gbọ́ pẹ́pẹ́yẹ. Mi ò lè fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀ kí n lọ máa gbádùn níbòmíràn."

Ohun tó ká a lọ́wọ́ kò nìyẹn. Bí kọ̀ǹpútà náà bá ti padà délé, òkùnkùn ni. Wọ́n á tún gbé e lọ sí ṣọ́ọ̀bù, oko á yọ ketekete. Wọ́n á gbé e dé ilé, pẹ́pẹ́yẹ nìkan ló ń ké. Bàbá sì jẹ́ ẹni tó wa ọkọ̀ ojú irin títí ó fi fẹ̀yìn tì, tí kò ṣi iná ojú ọ̀nà kan wò rí. Ọ̀rọ̀ pé ojú òun ló ń ṣe òun ti ń bí i nínú tẹ́lẹ̀. Lọ́jọ́ kan, ó gbá tábìlì.

"Nǹkan tó ń ṣiṣẹ́ lọ́dọ̀ ẹ̀, tí kì í ṣiṣẹ́ lọ́dọ̀ mi, òun ló mọ ohun tó ń ṣe sí i. Ó ń bà á jẹ́ kó o lè máa padà wá ni. Oníjìbìtì. Oko ìyàwó mi ló fi ń fẹ́ ọmọ mi. Kọ̀ǹpútà yìí ò ní jáde nílé yìí mọ́."

Ọ̀rọ̀ náà wọ ọmọ rẹ̀ lára. Kò gbà á gbọ́, ṣùgbọ́n kò lè gbé e jù nù. Nígbà tó dé ṣọ́ọ̀bù lọ́jọ́ kejì, ó bi Àjíǹde.

"Ṣé ìwọ lò ń bà á jẹ́?"

Àjíǹde bọ́ awò rẹ̀, ó gbé e lé tábìlì. "Màmá ẹ ló gbin àgbàdo yẹn. Ṣé nǹkan tí màá fi ṣeré nìyẹn?"

"Mo kàn bi ọ́ ni."

"O bi mí, mo sì ti dáhùn." Ó dùn ún, kò sì fi pamọ́. "Jẹ́ kí n rí tábìlì tí kọ̀ǹpútà náà ń gbé lórí ẹ̀, lẹ́ẹ̀kan péré. Tí mi ò bá rí ìdí ẹ̀, mi ò ní yọ ẹ́ lẹ́nu mọ́."

Obìnrin náà bẹ bàbá rẹ̀ títí bàbá fi gbà, gbígbà tí kò ní ẹ̀rín nínú. Lọ́sàn-án ọjọ́ ìsinmi, Àjíǹde wọlé, ó kí Bàbá, Bàbá dáhùn bí ẹni tó ń já tíkẹ́ẹ̀tì ọkọ̀ ojú irin. Kò fọwọ́ kan kọ̀ǹpútà. Tábìlì ló ń wò. Ó gùn ju síkírínì kan lọ. Àga méjì ló wà níbẹ̀. Lápá òsì ni síkírínì wà. Lápá ọ̀tún, igi tábìlì mọ́ ní ojú kan, onígun mẹ́rin, bí ibi tí nǹkan ti jókòó fún ọ̀pọ̀ ọdún tí òòrùn ò kàn án.

"Bàbá, ẹ jọ̀ọ́. Ṣé síkírínì kan wà níbí tẹ́lẹ̀?"

Bàbá fi ọwọ́ kan ibi tó mọ́ náà. "Ti ìyàwó mi ni. Mo gbé e kúrò lẹ́yìn ìsìnkú. Bí mo bá wo inú ẹ̀, ojú ara mi nìkan ni mò ń rí."

Àjíǹde fa àga sẹ́yìn, ó jókòó, ó sì rọ ohùn rẹ̀ sílẹ̀. "Kò sí ohun tó bàjẹ́, Bàbá. Ojú yín náà dáa. Géèmù yìí ń rántí ibi tí Màmá máa ń ṣí i sí. Tẹ́ ẹ bá ti ṣí i, ibẹ̀ ló ń lọ. Kò mọ̀ pé wọ́n ti gbé síkírínì kúrò. Síkírínì méjì ló wà ní ṣọ́ọ̀bù mi, ìdí nìyẹn tó fi ń hàn lọ́dọ̀ mi."

Dókítà Ojú fi ọwọ́ ti ògiri. Àṣé gbogbo ìgbà tí bàbá rẹ̀ ń jókòó síwájú òkùnkùn, oko náà wà ní ṣíṣí lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, níwájú àga tó ṣófo.

"Ibi tó máa ń jókòó ló ń lọ," Bàbá wí, bí ẹni tó ń bá ara rẹ̀ sọ̀rọ̀.

"Ẹ lè gbé síkírínì Màmá padà síbẹ̀. Tàbí kí n fà á wá síwájú yín. Ṣùgbọ́n tí mo bá fà á wá, ibí ni yóò máa rántí. Kò ní lọ síbẹ̀ mọ́. Ẹ̀yin lẹ máa sọ."

Bàbá wo àga ọ̀tún. Ó wo ọmọ rẹ̀. "Fà á wá."

Àjíǹde tẹ bọ́tìnì lórí kíbọ́ọ̀dù, ó ń tẹ̀ ẹ́ díẹ̀díẹ̀. Láti etí ọ̀tún síkírínì, ọgbà onígi kọ́kọ́ yọ, àgbàdo tẹ̀ lé e, lẹ́yìn náà pẹ́pẹ́yẹ, lẹ́yìn náà obìnrin kékeré tó dé fìlà yẹ́lò. Ó rìn wọlé láti apá ọ̀tún bó ṣe máa ń ṣe. Lẹ́tà ibẹ̀ kéré, Àjíǹde sì sọ ọ́ di ńlá. Síkírínì ṣẹ́jú, ó padà dé pẹ̀lú àpótí ìbéèrè kékeré kan láàárín.

"Kí ló ń bi mí?" Bàbá wí.

"Ó ní ṣé kó máa wà báyìí. Tẹ́ ẹ ò bá dáhùn, á padà sí bó ṣe wà tẹ́lẹ̀."

Bàbá gbé ọwọ́ lé máòsì, kò tẹ̀ ẹ́. Lẹ́tà padà kéré.

"Tún un ṣe," ó wí. Lọ́tẹ̀ yìí, ọwọ́ ara rẹ̀ ló fi tẹ̀ ẹ́.

Ó tẹjú mọ́ oko náà. "Àgbàdo yìí ti gbó."

"Ó ti gbó tipẹ́, sà," Àjíǹde dáhùn. "Ẹni tó máa kórè ẹ̀ ni kò sí."

Bàbá fa àga ọ̀tún jáde. "Ọmọ mi, wá jókòó."

Ó jókòó sórí àga ìyá rẹ̀, ó gba máòsì, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í ká àgbàdo tí ìyá rẹ̀ gbìn, ọ̀kan lẹ́yìn òmíràn, ó ń sunkún, kò sì nu ojú. Nígbà tó ká èyí tó kẹ́yìn, Bàbá bọ́ awò tó wà lójú, ó fi lé e lọ́wọ́.

"Èyí tó o ṣe kẹ́yìn yìí ń fọ́ mi lórí. Mo ti sọ fún ẹ pé ojú mi dáa." Ó yíjú sí Àjíǹde. "Mo pè ọ́ ní oníjìbìtì."

"Ẹ ò pè mí bẹ́ẹ̀ lójú mi, sà."

"Ẹ̀yìn ẹ ni mo ti pè ọ́. Má bínú." Ó tún kọjú sí ọmọ rẹ̀. "Mo gbé síkírínì ìyá ẹ pamọ́ sínú kọ́bọ́ọ̀dù. Ìwọ náà ń gbé ara ẹ pamọ́ sínú ilé yìí nítorí mi, mo ń wò ọ́, mo dákẹ́. Ó tó. Èmi náà ti ní oko tí màá máa bójú tó báyìí."

Obìnrin náà sin Àjíǹde dé ẹnu géètì. Àjíǹde dúró, ó ń yí kọ́kọ́rọ́ ṣọ́ọ̀bù lọ́wọ́. "Mo ti bi ọ́ nígbà kan, ọ̀rọ̀ sì padà sí bó ṣe wà. Mo tún ń bi ọ́."

Obìnrin náà nawọ́, ó tún awò rẹ̀ ṣe, torí ó ti wọ́ díẹ̀ lórí imú. "Jẹ́ kó wà báyìí," ó wí. "Títí ayé."

Lọ́jọ́ tí wọ́n kó lọ sílé tuntun wọn lẹ́yìn ìgbéyàwó, Bàbá wá, ó gbé ẹrù kan tí wọ́n fi ìborùn Màmá wé. Síkírínì náà ni. Kò sọ ju pé kí wọ́n gbé e sí ọwọ́ ọ̀tún lọ.

Wọ́n gbé e síbẹ̀. Àjíǹde jókòó lápá òsì, ó ń tún géèmù oníbàárà kan ṣe. Ìyàwó rẹ̀ jókòó lápá ọ̀tún, ó ń gbin àgbàdo tuntun nínú oko tirẹ̀, ó sì ti ń ṣàròyé pé ọkọ òun ń pariwo ìbọn bo pẹ́pẹ́yẹ òun. Bàbá dúró lẹ́nu ọ̀nà pẹ̀lú fìlà lọ́wọ́, ó ń wo ẹ̀yìn orí àwọn méjèèjì.

"Mo ń rí i," ó wí, bẹ́ẹ̀ ni kò sẹ́ni tó bi í.