Ẹni Tó Ń Dáná Sun Tókíò

Ìjà ni Chizuru àti Morihiko fi kí ara wọn lọ́jọ́ àkọ́kọ́ ní ilé iṣẹ́ fíìmù. Chizuru ló ń kun àwòrán sórí ike fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́. Morihiko ló ń fi kámẹ́rà yà wọ́n ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, títí wọn á fi máa rìn bí èèyàn nínú fíìmù.

"Ta ló tẹ ìka sórí ike yìí? Ṣé ọwọ́ lo fi jẹ núdùùsì kí o tó kun ún ni?" Morihiko pariwo.

Chizuru sọ búrọ́ọ̀ṣì lù ú. "Orí ẹ ò pé!"

Kí òjò oṣù kẹfà tó dá, wọn ò lè jẹun láìrí ara wọn mọ́.

Bàbá Chizuru ni wàhálà. Gbẹ́nàgbẹ́nà ni Ishiguro bàbá yìí, bọ́ǹbù ogun ló sì jó ìyàwó rẹ̀ àkọ́kọ́ àti ọmọ tí ìyàwó náà bí pa ní Tókíò. Nígbà tó gbọ́ pé ẹni tó fẹ́ fẹ́ ọmọ òun ló ń dáná sun Tókíò nínú fíìmù kí àwọn èèyàn lè pàtẹ́wọ́, ó mú òòlù, ó di ilé iṣẹ́ wọn.

Morihiko ti yí fíìmù padà sẹ́yìn, ó fẹ́ tan iná abẹ́ tábìlì onídígí rẹ̀, kó ya ọwọ́ iná lé orí àwòrán ìlú tó ti yà sínú fíìmù kan náà tẹ́lẹ̀. Bí tábìlì bá mì pẹ́nrẹ́n, iṣẹ́ gbogbo wọn bàjẹ́ nìyẹn.

Bàbá já wọlé. "Ìwọ! Dìde kí n rí ojú ẹ!"

Àfẹ́sọ́nà mìíràn ì bá ti forí kanlẹ̀. Morihiko ò tilẹ̀ yíjú.

"Ẹ má fọwọ́ kan tábìlì o!"

"Tábìlì?"

Òòlù fọ́ dígí tábìlì túútúú. Ìkúùkù ba Morihiko nímú, ẹ̀jẹ̀ bo àwòrán, síbẹ̀ ó dì mọ́ kámẹ́rà. Òòlù tún gòkè. Chizuru sáré wọlé, ó na ọwọ́ ọ̀tún bò ó lórí. Gbogbo ilé ló gbọ́ bí egungun ṣe dún.

"Bàbá mi," ó ní, "ọwọ́ tó kun ìlú yẹn lẹ ṣẹ́ yìí. Èmi ni mo kun gbogbo ilé tó ń jó níbẹ̀."

Bàbá jókòó sórí àfọ́kù dígí.

Morihiko fi kámẹ́rà sílẹ̀, ó pọn Chizuru sẹ́yìn.

"Fíìmù ẹ ńkọ́?" Chizuru bi í.

"Kó jóná, olólùfẹ́ mi."

Ọwọ́ yẹn ò di búrọ́ọ̀ṣì mú mọ́. Lọ́jọ́ ìgbéyàwó, nígbà tí ó kan Chizuru láti mu sakè, ọtí ìrẹsì tí ìyàwó àti ọkọ ń mu, bàbá rẹ̀ ló bá a gbé ife sí ẹnu. Lẹ́yìn náà ó kọjú sí Morihiko.

"Bí o bá gbọ́wọ́ sókè sí i lọ́jọ́ kan, màá pa ẹ́."

Chizuru mu sakè rẹ̀ tán.