Ẹni Tí Wọ́n Ń Lù Nínú Sinimá

Bí mo ṣe rí i ni n ó ṣe sọ ọ́. N kò bù mọ́ ọn, n kò bù kúrò níbẹ̀.

Nọ́ọ̀sì ni ẹ̀gbọ́n mi obìnrin. Wọ́ọ̀dù àwọn tó fara pa ló ti ń ṣiṣẹ́, ọwọ́ rẹ̀ sì rọ̀ bí òwú. Ṣùgbọ́n bó bá ti gba ìsinmi, fíìmù ìjà ló ń sá lọ wò. Mo bi í léèrè ìdí rẹ̀ rí.

"Ẹ̀jẹ̀ ibi iṣẹ́ máa ń bẹ̀ mí," ló wí. "Ti sinimá kì í bẹ èèyàn."

Lọ́sàn-án ọjọ́ Sátidé kan, a jọ lọ. Gbọ̀ngàn náà kún. Nínú fíìmù ọ̀hún, ọwọ́ bàbá kan tẹ ọkùnrin tó pa ọmọ rẹ̀, ó sì ń fi irin lù ú. Ariwo sọ. "Fún un. Tún fún un." Èmi náà ń pàtẹ́wọ́. Kí n má parọ́, ó ń dùn mọ́ mi.

Lójijì, fíìmù dákẹ́. Mo ń gbọ́ bí ẹ̀rọ amúlétutù ṣe ń kùn lókè. Ẹni tí wọ́n ń lù gbé ojú sókè. Kò wo bàbá yẹn. Àwa ló ń wò, láti ìlà dé ìlà, títí ojú rẹ̀ fi kan ìlà tiwa.

"Nọ́ọ̀sì," ó pè é jẹ́jẹ́. "Ṣé ó ti tó?"

Ohùn tí ẹ̀gbọ́n mi fi ń bá aláìsàn sọ̀rọ̀ ló fi dá a lóhùn.

"Kò tíì tó."

Irin tún sọ̀kalẹ̀. Ariwo padà dé.

Níta, oòrùn mú. Ẹ̀gbọ́n mi kò lè wò mí lójú.

"Ṣé o gbọ́ nǹkan kan níbẹ̀?"

"Rárá, Àǹtí."

Lọ́sẹ̀ kejì, èmi nìkan padà lọ wo fíìmù náà. Ìgbà àkọ́kọ́ tí irin ba ọkùnrin yẹn ló kú. Kò tilẹ̀ la ẹnu.

Láti ìgbà náà, bí ẹ̀gbọ́n mi bá ti dé ibùsùn aláìsàn, aláìsàn á kọjú sí ògiri. Títí kan àwọn tó dákú.

"Kí ni mo ṣe fún wọn?" Ó bi mí lánàá, omi lójú.

Mo ní n kò mọ̀. Ojú ń tì mí. Ìdáhùn tó fún ọkùnrin yẹn ti wà lórí ahọ́n tèmi náà. Ó kàn jẹ́ pé èmi kọ́ ni ọkùnrin náà bi.