Ìpín Ẹni Tó Júwe Igi Odídẹrẹ́

"Olúyẹ́misí ni yóò ṣáájú àwọn àlejò wa dé ìdí igi náà ní Sátidé."

Báyìí ni Ọ̀gbẹ́ni Olúsànmí, olùkọ́ bàọ́lọ́jì, wí, gbogbo kíláàsì kẹrin sì pàtẹ́wọ́. Kíkẹ́lọmọ nìkan ni kò pàtẹ́wọ́.

Ní ọdún 1980 yìí, igi ńlá ti fẹ́rẹ̀ẹ́ tán nínú igbó Ìdànrè tó wà láàrin Atosin àti Ofosu. Ibi tí agbégilódò kò bá kó, oko kòkó ti gbà á. Àràbà kan ṣẹ́kù lẹ́gbẹ̀ẹ́ oko bàbá Yẹ́misí, inú ihò rẹ̀ sì ni odídẹrẹ́ ń pamọ sí. Àwọn olùkọ́ yunifásítì ń bọ̀ láti Ifẹ̀ wá wò wọ́n, kí wọ́n lè bẹ ìjọba pé kí a má gé igbó náà.

"Ṣé torí ẹyẹ ni wọ́n ṣe ń pọ́n ọn lé tó báyìí?" Kíkẹ́lọmọ bi Bernadette, tí wọ́n jọ jókòó. "Àwa méjèèjì la jọ lọ já ewé níbẹ̀. Èmi náà gbọ́ igbe wọn."

"O gbọ́ ọ, o sì sá fún ìjàlọ. Òun ló ń padà lọ ṣọ́ wọn. Jẹ́ kí ọmọ ọlọ́mọ jayé."

Ọ̀rọ̀ náà ta á bí ata. Nígbà tó di ìrọ̀lẹ́, ó gba ilé Ògúnbọ̀dé lọ, ọdẹ tí ń ta ìkó odídẹ fún àwọn ìjòyè.

"Ẹ̀gbọ́n, mo mọ ibi tí odídẹrẹ́ pamọ sí." Ó júwe ibẹ̀. "Ṣùgbọ́n ẹ kó wọn kó tó di Sátidé."

Ògúnbọ̀dé rẹ́rìn-ín. "Ta ló ṣẹ̀ ọ́, àbúrò?"

"Kò sẹ́ni tó ṣẹ̀ mí. Ẹ sáà fi igbà gùn ún."

Ihò òfo ni ó fẹ́ kí Yẹ́misí fi han àlejò, kí ojú lè tì í. Kò rò ó pé igbà tí a fi ń gun ọ̀pẹ kò lè yí ìdí àràbà ká. Nígbà tí Ògúnbọ̀dé kò rí igi náà gùn, ó ké sí àwọn agégi. Wọ́n sì fi ẹ̀rọ bẹ́ ẹ.

Ní Sátidé, gbogbo kíláàsì tẹ̀ lé àwọn àlejò. Ilẹ̀ ni wọ́n bá àràbà náà. Oòrùn ràn dé ibi tí kò ràn dé rí. Àwọn ọmọ odídẹrẹ́ ti kú sínú ihò. Bàbá wọn ń rà bàbà lókè, ó ń ké. Yẹ́misí kúnlẹ̀ tì wọ́n.

Ògúnbọ̀dé sì yọ láti ẹ̀yìn ìtì igi náà, tòun ti ìkó pupa tí ó fà tu ní ìrù ìyá wọn.

"Kíkẹ́lọmọ, gba ìpín rẹ. Àṣà àwa ọdẹ ni: ẹni tó bá fi ẹran hàn wá kì í lọ lọ́wọ́ òfo."

Gbogbo ojú yí sí i. Kò lè na ọwọ́, kò sì lè sẹ́.

"Kí ni mo fi ṣe ọ́?" Yẹ́misí béèrè.

"O kò fi nǹkan kan ṣe mí."

"Ó dára. Gba ìyẹ́ rẹ."

Àwọn àlejò padà sí Ifẹ̀ láìrí ohun tí wọ́n lè fi bẹ ìjọba mọ́. Kí ọ̀sẹ̀ tó yí po, agbégilódò ti gba ọ̀nà tí àwọn agégi là, wọ́n sì kó ìyókù igbó náà lọ.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ wò ó dáadáa. Ohun tí Yẹ́misí ní kò di ti Kíkẹ́lọmọ. Ó kàn di ohun tí ẹnikẹ́ni ní Ìdànrè kò ní mọ́ ni. Iṣẹ́ ìlara kò ju ìyẹn lọ.