Ẹni Tó Bá Pàdánù Lẹ́ẹ̀kan

Abẹ́ ìdí típà kan ní oríta Sẹ̀kọ̀nà ni òkú Sàídì wà nígbà tí Ìnsípẹ́kítọ̀ Ọládòṣù dé ibẹ̀ lọ́sàn-án ọjọ́ Sátidé. Típà náà kò rìn rárá. Láti ìdájí ni awakọ̀ rẹ̀ ti gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ títì, tó ń wá táyà kiri, nítorí pé láyé Sáápù yẹn, tí ọrọ̀ ajé le koko, táyà ti di ohun tí èèyàn ń fi oṣù wá. Sàídì ló gun alùpùpù rẹ̀ wá bá típà níbi tó dúró sí, tó sì wọ abẹ́ rẹ̀ lọ tààrà.

Àwọn obìnrin tó ń sun bọ̀ọ̀lì létí títì ló ròyìn fún ọlọ́pàá. Wọ́n ní ọkùnrin náà kò sáré. Wọ́n ní ó dorí kodò bí ẹni tó ń wá nǹkan lórí táńkì epo, àwọn sì pariwo títí, kò gbọ́. Ọládòṣù bẹ̀rẹ̀, ó wo ojú títì dáadáa. Kò sí àmì bíréèkì kankan níbẹ̀. Ó rò ó nínú ara rẹ̀ pé bó ti wù kí ìbànújẹ́ pọ̀ tó lọ́kàn èèyàn, tó bá ti rí ikú níwájú, ẹsẹ̀ rẹ̀ á ṣáà wá bíréèkì.

Báàgì kan ṣì so mọ́ ẹ̀yìn alùpùpù náà. Fúláàsì kékeré ló wà nínú rẹ̀, ẹ̀kọ mímu tó ti tutù sì ṣẹ́ kù sí ìsàlẹ̀ fúláàsì ọ̀hún. Ọládòṣù dé e padà, ó ní kí wọ́n gbé e tẹ̀lé òkú lọ sọ́dọ̀ dókítà.

Kí oòrùn ọjọ́ náà tó wọ̀, gbogbo Ẹdẹ ti sọ ohun tó pa Sàídì. Ìtìjú ni, wọ́n ní. Ta ni kò mọ Sàídì nídìí dráfù? Òun ni ògúnná gbòǹgbò nínú àwọn mẹ́rin tó ń ta dráfù fún ilé iṣẹ́ páálí tó wà lọ́nà Alájué, ó sì ti pẹ́ tí ẹnikẹ́ni ti nà án. Láàárọ̀ ọjọ́ náà gan-an, níbi ìdíje tí wọ́n ṣe ní ilé ẹ̀kọ́ kan ní Sẹ̀kọ̀nà, ọ̀dọ́mọkùnrin kan láti Awó ló nà án. Sàídì dìde, ó gun alùpùpù, ó sì lọ kú.

Ọládòṣù gbọ́ gbogbo rẹ̀, kò bá ẹnikẹ́ni jiyàn. Nígbà tó di àṣálẹ́, dókítà ránṣẹ́ pè é.

"Oògùn oorun ló wà nínú ẹ̀kọ yìí," dókítà wí, "kò sì kéré. Ohun tó ń yà mí lẹ́nu ni ibi tí wọ́n ti rí i. Ẹ wo pẹpẹ wa, òfìfo ni. A ò ní ẹyọ oògùn oorun kan nílé ìwòsàn yìí láti ìgbà ọyẹ́."

Wọ́n sin Sàídì láàárọ̀ ọjọ́ kejì. Lẹ́yìn ìsìnkú ni Ọládòṣù lọ bá Àwáwù, ìyàwó olóògbé, lórí ẹní tó jókòó sí láàárín àwọn ẹbí. Ó bẹ̀ ẹ́ pé kó má bínú, ó sì bi í léèrè ẹ̀kọ náà. Àwáwù ní òun lòun pò ó. Ọgbẹ́ inú ń yọ ọkọ òun lẹ́nu, nítorí náà gbogbo ibi tó bá ti fẹ́ ta dráfù, tó bá ti dé ibẹ̀, ẹ̀kọ ló máa kọ́kọ́ mu kó tó kí ẹnikẹ́ni. Ọládòṣù wá bi í bóyá ó fi oògùn sí i.

Obìnrin náà wò ó títí. "Ẹ̀yin ọlọ́pàá, tí mo bá fẹ́ pa ọkọ mi, ṣé ọjọ́ tó ń lọ jà fún iṣẹ́ rẹ̀ ni màá yàn?"

Ibẹ̀ ni Ọládòṣù ti gbọ́ ohun tó rọ̀ mọ́ ìdíje náà. Ilé iṣẹ́ páálí ti fẹ́ dín òṣìṣẹ́ kù, orúkọ àwọn ọ̀tadráfù mẹ́rẹ̀ẹ̀rin sì wà lára àwọn tí wọ́n máa lé. Ṣùgbọ́n máníjà wọn fẹ́ràn dráfù ju oúnjẹ lọ. Ó ní ẹni tó bá ta yọ jù nínú àwọn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, tó gba ipò tó ga jù, òun ò ní jẹ́ kí wọ́n fọwọ́ kan iṣẹ́ rẹ̀. Ọ̀rọ̀ náà wọ Ọládòṣù lára. Àbúrò tirẹ̀, tíṣà ni, wọ́n ti dá a dúró lẹ́nu iṣẹ́, ó sì wà nílé tó ń jí lójoojúmọ́ láìsí ibi tó ń lọ.

"Ta ló gbé báàgì yẹn láti ilé?" ó béèrè.

"Jacob ni. Ẹ̀yìn alùpùpù ọkọ mi ló máa ń jókòó sí tí wọ́n bá ń lọ, á gbé báàgì lé itan." Àwáwù fi ọwọ́ nu ojú. "Ẹ má dárúkọ Jacob sí i o. Òun ló gba ipò kìíní níbi ìdíje náà, síbẹ̀ kò yọ̀. Ọkọ mi ló kọ́ ọ ní dráfù, kò tíì kúrò nílé yìí láti alẹ́ àná. Ẹ wò ó bó ṣe ń pọnmi fún àwọn àlejò."

Ọládòṣù wo Jacob lókèèrè, ọkùnrin tínínrín tí ojú rẹ̀ wú fún ẹkún. Kò pè é. Awó ló gbà lọ, ó lọ rí Olúfẹ́mi, ọ̀dọ́mọkùnrin tó na Sàídì. Ẹ̀rù ti bà á kí ọlọ́pàá tó dé. Ó ní ọkọ̀ àwọn ará Awó bàjẹ́ lọ́nà, àwọn tí ń ta dráfù ti wà níkàlẹ̀ nígbà tí àwọn dé, Sàídì sì ti ń tòògbé nídìí pátákó. Ó ní ọkùnrin náà mú ọmọ dráfù rìn sẹ́yìn bí ọmọdé tí kò mọ òfin, nígbà tí wọ́n sì dá a lẹ́kun, ó tún rẹ́rìn-ín.

"Èmi kọ́ ni mo na Sàídì," ni Olúfẹ́mi wí. "Ejò tí mo bá ní òkú kọ́ ni màá fi yangàn pé mo pa."

Láti Awó, ó padà sí Ẹdẹ, ó sì wọ ilé Ọ̀gbẹ́ni Samuel, akọ̀wé ìdíje, àgbà ọkùnrin kan tó ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ olùkọ́. Samuel ṣàlàyé bí nǹkan ṣe ń lọ tẹ́lẹ̀. Líìgì ni wọ́n ń ta lọ́dọọdún. Ẹgbẹ́ mẹ́rin, ẹni mẹ́rin-mẹ́rin, kálukú á bá gbogbo àwọn tó wà nínú ẹgbẹ́ yòókù ta, Sátidé lẹ́yìn Sátidé. Láàárọ̀ ni wọ́n ń ta á, tó bá ti di ọ̀sán, kálukú ti gbalé lọ. Ẹni tó bá pàdánù lónìí lè gbà á padà ní ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀, ìgbà tí wọ́n bá sì ro gbogbo rẹ̀ pọ̀ nígbẹ̀yìn, ẹni tó mọ̀ ọ́n ta jù ló máa wà lókè. Ṣùgbọ́n lọ́dún yìí, kò sówó tí wọ́n máa fi bọ́ èèyàn fún ọ̀sẹ̀ bẹ́ẹ̀. Nítorí náà ni òun fi dìde láàárọ̀ Sátidé, lẹ́yìn tí wọ́n ti jókòó, tí òun kéde pé ọjọ́ kan náà ni wọ́n máa ta á tán. Ẹni tó bá pàdánù lẹ́ẹ̀kan, kó máa lọ sílé. Ẹni tó bá ń borí, á máa ta á lọ títí ilẹ̀ á fi ṣú.

"Sàídì ti mu ẹ̀kọ rẹ̀ kí ẹ tó kéde?" Ọládòṣù béèrè.

"Ó ti mu ún tipẹ́. Ìṣojú mi ló ṣe dé fúláàsì."

"Ta lẹ sọ fún ṣáájú ọjọ́ náà pé ẹ fẹ́ yí ìdíje padà?"

Samuel wo ojú fèrèsé. "Kò sẹ́ni tí mo sọ fún. Bí ògiri ò bá lanu, aláǹgbá ò lè wọ̀ ọ́. Èmi ò lanu."

Ọládòṣù dìde, ó dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ó ti mọ̀ pé bàbá náà purọ́, kò kàn mọ ẹni tó ń bò láṣìírí ni.

Ilé iṣẹ́ páálí ló fi han án. Ó lọ síbẹ̀ lọ́sàn-án ọjọ́ náà láti bi àwọn òṣìṣẹ́ bí Sàídì bá ní ọ̀tá. Wọ́n ní kò ní. Ọkùnrin kan tí wọ́n ń pè ní Ọláolúwa wà nídìí ẹ̀rọ, ojú rẹ̀ pọ́n, ó ń yán. Ó bẹ Ìnsípẹ́kítọ̀ pé kó má bínú, ó ní ó rẹ òun ni. Lánàá, òun ṣe iṣẹ́ àárọ̀ tòun, òun sì tún ṣe iṣẹ́ ọ̀sán Jacob mọ́ ọn.

"Nítorí ikú ọ̀rẹ́ rẹ̀ ni?"

"Rárá o, ọ̀gá. Ọjọ́ Furaidé ló ti bẹ̀ mí sílẹ̀."

Ọládòṣù béèrè ọ̀nà ilé Jacob, wọ́n sì júwe rẹ̀ fún un.

Jacob kò sí nílé. Ìyá rẹ̀ ni Ọládòṣù bá, arúgbó kan tí apá àti ẹsẹ̀ rẹ̀ lápá kan ti rọ. Màmá kí i tọ̀yàyà-tọ̀yàyà, wọ́n ní kó jókòó, wọ́n rò pé ọ̀rẹ́ ọmọ àwọn ni. Ó béèrè àlàáfíà wọn.

"Oorun ni ò jẹ́ kí n gbádùn, ọmọ mi. Láti ọjọ́ Furaidé ni mi ò ti fojú kan oorun. Oògùn tí mo fi ń sùn, Ìbàdàn ni Jacob ti lọ rà á, ìyà tó jẹ kó tó rí i kò kéré. Ó ní ó já bọ́ sínú omi lọ́wọ́ òun, gbogbo rẹ̀ ló yọ́. Ó ń sunkún nígbà tó ń sọ ọ́ fún mi. Mo ní kó má sunkún mọ́, pé oògùn lásán ni."

Ọládòṣù jókòó tì wọ́n fúngbà díẹ̀. Nínú gbogbo ọdún tó ti lò lẹ́nu iṣẹ́ yìí, ó ti mú olè, ó ti mú adigunjalè, kò sí èyí tó ká a lára bí i ti ọjọ́ náà.

Lọ́jọ́ àdúà ọjọ́ kẹta, nígbà tí àwọn ààfáà ti ṣe àdúà tán tí wọ́n sì ti lọ, Ọládòṣù kó àwọn tó kàn wọ ẹ̀yìnkùlé: Àwáwù, Samuel àti Jacob. Ó dúró, kò gbóhùn sókè.

"Gbogbo yín ń wá ẹni tó kórìíra Sàídì," ó ní. "Ìbéèrè tèmi yàtọ̀. Kí ló dé tí èèyàn á fi kun Sàídì lóorun lọ́jọ́ kan ṣoṣo? Bó bá jẹ́ líìgì ni, kò wúlò. Sàídì á pàdánù lọ́jọ́ náà, á sùn, á jí, á sì máa na gbogbo wọn lọ ní ọ̀sẹ̀ tó kù, ipò kìíní á ṣì jẹ́ tirẹ̀. Ọjọ́ tí ẹni tó pàdánù lẹ́ẹ̀kan bá jáde pátápátá nìkan ni oògùn yẹn wúlò. Bẹ́ẹ̀ sì ni, inú ẹ̀kọ ni oògùn wà kí Bàbá tó kéde. Ẹni tó fi í síbẹ̀ ti mọ̀ tẹ́lẹ̀."

Ó kọjú sí Jacob. "Iṣẹ́ ọ̀sán lo ní ní Sátidé. Bó bá jẹ́ líìgì, ìwọ náà á ti ṣe tán kí agogo iṣẹ́ tó lù. Kí ló dé tó o fi bẹ Ọláolúwa láti Furaidé pé kó bá ọ ṣe é, bí kò bá ṣe pé o mọ̀ pé wàá ta dráfù di alẹ́?"

Samuel ló bú sẹ́kún. Ó ní Jacob ló gba òun nímọ̀ràn. Ó wá bá òun nílé ní Ọjọ́bọ̀, ó ní kí òun ta á tán lọ́jọ́ kan, owó á ṣẹ́ kù, òun sì rò pé ọ̀rọ̀ ọlọgbọ́n ni. Ìtìjú ni kò jẹ́ kí òun sọ ọ́, pé òun sọ ohun ìkọ̀kọ̀ fún ọ̀tadráfù kan, òun ò sì sọ fún àwọn yòókù.

"Mo ti dé ọ̀dọ̀ ìyá rẹ," Ọládòṣù wí fún Jacob. "Mo ti gbọ́ ti oògùn tó já sómi. Mi ò sọ nǹkan kan fún wọn."

Ìgbà yẹn ni Jacob kúnlẹ̀. Ó ní òun ò fẹ́ kí Sàídì kú. Ó ní kó pàdánù ni òun fẹ́, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo péré, nítorí láti ọjọ́ tí òun ti mọ dráfù, kò sí bí òun ṣe lè gbapò lọ́wọ́ Sàídì bí wọ́n bá ta á bó ṣe yẹ. Bí wọ́n bá lé òun lẹ́nu iṣẹ́, ta ni yóò tọ́jú ìyá òun? Nígbà tí Sàídì pàdánù, òun tẹ́ ẹní fún un ní kíláàsì kan, òun bẹ̀ ẹ́ pé kó sùn. Sàídì kọ̀. Ó ní kí Àwáwù má lọ gbọ́ ọ lẹ́nu ẹlòmíì, òun gan-an ni òun máa sọ fún un.

Àwáwù kò sunkún. Ó sún mọ́ Jacob títí aṣọ wọn fi fẹ́rẹ̀ẹ́ kan ara.

"Nígbà tí ẹ̀ ń lọ láàárọ̀ yẹn," ó ní, "tó o gbé ẹ̀kọ yẹn lé itan, ṣé ó ń bá ọ sọ̀rọ̀?"

"Ó ń bá mi sọ̀rọ̀."

"Kí ló ń sọ?"

"Ó ní bí òun bá ti gbapò kìíní, ẹsẹ̀ máníjà ni òun máa dì mú, pé kó fi èmi náà sílẹ̀ lẹ́nu iṣẹ́."

Àwáwù yí padà, ó wọlé lọ bá àwọn ọmọ rẹ̀. Ọládòṣù na Jacob dìde, kò fi ṣẹkẹ́ṣẹkẹ̀ sí i lọ́wọ́ títí wọ́n fi jáde kúrò ní agboolé náà, kí àwọn ọmọ má baà rí i.

Kí òjò àkọ́rọ̀ tó rọ̀, ilé iṣẹ́ páálí ti ti ilẹ̀kùn pa. Wọn ò rówó ra ohun tí wọ́n fi ń ṣe páálí láti òkè òkun mọ́. Gbogbo òṣìṣẹ́ ló padà sílé, máníjà náà kó ẹrù rẹ̀, ó lọ.