Ìkíni Tí Kaveh Gé Dànù

Kámẹ́rà Kaveh ló kọ́kọ́ rí mi, kí òun fúnra rẹ̀ tó rí mi. Mo ń sáré bá train ní downtown, nínú snow, mo wá gba iwájú àwòrán tó ń yà fún ilé iṣẹ́ epo kan kọjá. Ó bẹ̀ mí pé kí n padà, kí n tún un rìn. Train mi lọ. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo tún un rìn. Ọdún kẹtàdínlógún nìyí, orí mi ti funfun, àmọ́ ẹsẹ̀ mi ṣì rántí.

Ará Iran ni. Ogún ọdún ló fi ya fíìmù ní Tehran, tó sì ń fọwọ́ ara rẹ̀ gé wọn, tó ń tò wọ́n pọ̀. Ní Calgary, basement kan ní àdúgbò Falconridge ló ti ń ṣe é. Mo máa ń jókòó tì í tí mo bá ti ibi iṣẹ́ mi ní ọsibítù dé. Ó ní ohun tí èèyàn bá gé dànù ló ń jẹ́ kí ìyókù sọ̀rọ̀. Mo nífẹ̀ẹ́ rẹ̀ débi pé mo gbà á gbọ́.

Nígbà tí màmá mi pé àádọ́rin ọdún, Kaveh ya ìdúpẹ́ wọn ní ṣọ́ọ̀ṣì. Wákàtí mẹ́ta ló yà, ogún ìṣẹ́jú ló gbé wá. Màmá wò ó tán.

"Dóyin, àwọn tó kí mi dà?"

Ó ti gé gbogbo ìkíni. Lójú tirẹ̀, ohun kan náà ni wọ́n ń tún sọ.

Láti ọjọ́ náà, bó bá kí màmá, wọn kì í dá a lóhùn. Bẹ́ẹ̀ mo ti sọ fún wọn pé òun ni mo fẹ́ fẹ́.

"Ó gé àwọn èèyàn mi dànù," ni wọ́n wí. "Ṣé èmi kọ́ ló máa gé tẹ̀lé e?"

Ọmọ ọdún márùnlélógójì ni mí nígbà náà, àmọ́ mi ò lè fẹ́ ọkọ tí ìyá mi ò dá lóhùn.

Kaveh padà sí basement. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ló fi dá àwọn ìkíni náà padà lọ́kọ̀ọ̀kan, ó ń fẹnu tẹ̀lé wọn, kò sì bi mí ní ìtumọ̀ kankan.

"Dóyin joon," ó ń fi ọ̀rọ̀ ìkẹ́ ilé wọn pè mí, "kò sí méjì tó jọra nínú wọn. Báwo ni mi ò ṣe gbọ́ ọ?"

Lọ́sàn-án Sunday kan, ó wá sílé màmá. Ó dọ̀bálẹ̀ tòun ti kóòtù.

"Ẹ kú ewu ọmọ, Mà."

Ìyàwó Akínbámi, ará ṣọ́ọ̀ṣì wa tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bímọ, ni wọ́n kí bẹ́ẹ̀ nínú fíìmù. Àbúrò mi, Dámi, ò lè pa ẹ̀rín mọ́ra: "Mummy, congratulations o. Boy àbí girl?"

Màmá ò rẹ́rìn-ín. Wọ́n wo Kaveh nílẹ̀. Wọ́n wo èmi tí wọ́n fi ọjọ́ mẹ́ta rọbí kí wọ́n tó bí.

"Ewu iná kì í pa àwòdì, àna mi," ni wọ́n dá a lóhùn. "Dìde, ilẹ̀ tutù."